Ohùn Ayùn Lórí Jìtá Mùfú

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ dín ohùn fóònù yẹn kù díẹ̀. Mi ò ní kẹ́ ẹ pa á o. Mo fẹ́ gbọ́ jìtá tó wà lábẹ́ orin náà dáadáa ni. Ṣé ẹ gbọ́ ọ? Ibi tó ti rọra ń gòkè bí ẹni ń gun àkàbà, tó wá já wálẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà yẹn. Ọmọkùnrin tó ń kọrin lórí rẹ̀, mo gbọ́ pé kò tí ì pé ọmọ ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n. Inú rẹ́kọ́ọ̀dù àtijọ́ kan ló ti yọ ọ́, ó fi ṣe ìpìlẹ̀ orin tirẹ̀, ẹ̀yin náà sì ń jó sí i láti àárọ̀. Kò burú. Ṣùgbọ́n èmi mọ ẹni tó kọ́kọ́ ta ohùn yẹn. Mo mọ ibi tó ti rí i, mo mọ ọjọ́ tó dé. Ohun tí mo ṣe fún ẹni náà, mi ò sọ ọ́ fún ẹnikẹ́ni nínú yín rí. Màmá yín àgbà pàápàá ò gbọ́ ọ lẹ́nu mi kó tó fi wá sílẹ̀.

Ẹ fa ìjókòó yín súnmọ́ mi, àbí ẹ fẹ́ kí n máa pariwo ni?

Ẹ̀yin tí wọ́n bí sí Ìgàndó yìí, ilé lẹ bá, títì lẹ bá, ẹ rò pé bó ṣe wà látijọ́ nìyẹn. Ibi tí ilé epo ńlá yẹn wà lọ́nà Ẹgàn, sọ́míìlì ló wà níbẹ̀ nígbà tí mo wà lọ́dọ̀ọ́, lórí ilẹ̀ bàbá mi. Igbó ló yí i ká, àti oko ẹ̀gẹ́. Àkùkọ ò tíì kọ tán láàárọ̀ tí ohùn ayùn á ti gba gbogbo afẹ́fẹ́. Bí ayùn bá bọ́ sínú igi ìrókò, á máa han kíkankíkan. Bó bá jẹ́ igi àràbà ni, á dún bí ìgbà tí èèyàn ń fa aṣọ ya. Àwọn obìnrin tó ń bó ẹ̀gẹ́ létí odò á sọ irú igi tí wọ́n ń là láì rí i. Ìkòtún tí ẹsẹ̀ ò ti gbèrò lónìí, oríta lásán ni. Lọ́rì tó ń kọjá níbẹ̀ lóòjọ́, ọmọdé lè fi ìka ọwọ́ kan kà á. Kẹ̀kẹ́ tiwa, ẹlẹ́sẹ̀ méjì ni, ẹsẹ̀ ara ẹni ni epo rẹ̀. Tí mo bá wà á láti Ẹgàn dé Ìkòtún, ẹnu á ti rẹ̀ mí fún kíkí èèyàn. Lónìí mo lè rìn títí dé ibi tí wọ́n ti ń wọ ọkọ̀, kí n má rí ẹni kan ṣoṣo tó mọ orúkọ bàbá mi, lórí ilẹ̀ bàbá mi.

Ní sọ́míìlì yẹn ni mo ti bá Mùfú pàdé. Mùfútáù ni bàbá rẹ̀ sọ ọ́. Ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́ ni wọ́n, bàbá rẹ̀ ń ránṣọ ní Ìkòtún. Bàbá Télọ̀ la ń pè é, mùsùlùmí tí ìrun kì í fò. Mùfú ń kọ́ṣẹ́ kápẹ́ńtà nígbà náà, ọ̀gá rẹ̀ ló rán an wá ra pákó. Àwa méjèèjì ò ju ọmọ ọdún méjìdínlógún lọ. Mo rí i tó jókòó sórí ìtì igi, tó gbé nǹkan kan lé itan. Ó ti gbẹ́ pákó gígùn kan, ó kan agolo mílíìkì ńlá mọ́ ọn nídìí, ó wá tú wáyà ìjánu kẹ̀kẹ́ sí fọ́nrán fọ́nrán, òun ló fi ṣe okùn rẹ̀.

"Kí lò ń pe èyí?" Mo bi í.

"Jìtá ni."

"Jìtá wo? Ṣé àwòrán màlúù máa ń wà lára jìtá ni?"

Ó rẹ́rìn-ín. "Gbọ́ ọ ná, kó o tó bú u."

Ó sì ta á. Ẹ̀yin ọmọ mi, mo ti gbọ́ jìtá lórí rédíò, mo ti gbọ́ ọ níbi ìnáwó. Mi ò tíì gbọ́ kí ẹnikẹ́ni fi wáyà kẹ̀kẹ́ sọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ rí. Nígbà tó dákẹ́, ọ̀gá tó ń darí ayùn ti pa ẹ̀rọ rẹ̀ láti gbọ́ ọ.

Bí ẹgbẹ́ wa ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Ọjọ́ Àìkú nìkan ni sọ́míìlì kì í ṣiṣẹ́, ọjọ́ yẹn nìkan la sì lè rí jẹnẹrétọ̀ wọn lò. Bí àwọn onígbàgbọ́ bá ti jáde ní ṣọ́ọ̀ṣì lọ́sàn-án, a ó tan ẹ̀rọ, ariwo á sọ. Àwọn ará oko ní àrá ti ń sán lọ́sàn-án gangan láìsí òjò. Àwa náà gba orúkọ náà, a pe ara wa ní Àrá Ọ̀sán. Tẹ̀gbọ́n tàbúrò kan láti Ẹ̀gbẹ́dá wà pẹ̀lú wa, ọ̀kan ń ta jìtá olóhùn kẹ̀kẹ̀, ìkejì ń lu ìlù òyìnbó. Èmi ń kọrin. Èmi náà ni olórí, nítorí pé ilẹ̀ bàbá mi la wà, bàbá mi ló sì ra áńpìlífáyà, ẹ̀rọ tó ń gbé ohùn jìtá oníná wa sókè. Mi ò ní purọ́ fún yín, ohùn mi ò dùn tó bẹ́ẹ̀. Mùfú gan-an ni ẹgbẹ́.

Rọ́ọ̀kì là ń ṣe. Ogun abẹ́lé ṣẹ̀ṣẹ̀ parí, àwọn ọ̀dọ́ ń gbọ́ orin òyìnbó onígbe yẹn lórí rédíò, àwa náà fẹ́ fi èdè Yorùbá ṣe é. A dá irun sí bíi ti wèrè ojú ọjà. Lọ́jọ́ kan Bàbá Télọ̀ wá bá wa ní sọ́míìlì, ó dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó di fìlà rẹ̀ mú.

"Mùfútáù, ṣé ohun tí mo tìtorí ẹ̀ mú ẹ wá sí Èkó nìyí? Kó o máa fi iná mànàmáná ké bí ewúrẹ́?"

Mùfú dọ̀bálẹ̀ sínú ìyẹ̀fun igi. "Ẹ má bínú, Bàbá. Mi ò ní í pa ìrun jẹ."

"Ta ló ń sọ̀rọ̀ ìrun? Etí ẹ ni mò ń wí. Ariwo yìí ti pọ̀ jù fún etí ọmọ èèyàn."

Bó ti lọ tán la bú sẹ́rìn-ín. Síbẹ̀, bàbá yìí náà ló rán ṣòkòtò ẹlẹ́nu gbàgàdà fún àwa mẹ́rẹ̀ẹ̀rin. Ó ní bí a bá máa dójú ti òun, ká má dójú ti abẹ́rẹ́ òun.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ fi ìka kan tẹ fóònù tí orin sì dé, ẹ ò lè mọ iṣẹ́ tó wà nídìí orin nígbà náà. Áńpìlífáyà wa wúwo bí òkú ẹṣin. Bí a bá tàn án, a ní láti dúró kó gbóná ná kó tó lè sọ̀rọ̀, bíi àgbàlagbà tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jí. Bùláńkẹ́ẹ̀tì la fi ń wé e tí a bá gbé e sínú lọ́rì, bí ẹni gbé ọmọ ọwọ́. Okùn jìtá ṣọ̀wọ́n. Bí ohùn rẹ̀ bá ti kú, Mùfú á tú u, á sè é nínú omi gbígbóná kí ìdọ̀tí ara rẹ̀ lè jáde, ohùn á sì tún jí fún ọ̀sẹ̀ kan sí i. Ìyàwó ẹ̀gbọ́n mi lé wa jáde nílé ìdáná lọ́jọ́ kan tó ká wa mọ́bi tí a ti ń fi ìkòkò ọbẹ̀ rẹ̀ se irin.

Gbogbo ọdún la ní ibi tí à ń lọ. Ọjọ́ kejì Iléyá, pápá ilé-ìwé ní Ìkòtún. Ọjọ́ kejì Kérésìmesì, Ìgàndó níbí. Láàárín méjèèjì, básà tí àwọn ilé-ìwé girama fi ń kówó jọ. Àwọn èèyàn á fẹsẹ̀ rìn wá láti Ìjẹ̀gùn, wọ́n á ru àpótí ìjókòó wọn lórí. Lọ́dún Iléyá kan, a wà lẹ́nu orin ni àgbò kan já okùn, ló bá gba àárín wa kọjá, ó fi ìwo wọ́ wáyà, iná ya kúrò lára gbogbo ẹ̀rọ. Èmi dúró, ẹnu mi là sílẹ̀ lásán. Mùfú ò dúró. Ó ń ta jìtá rẹ̀ lọ bẹ́ẹ̀ láìsí iná, ohùn rẹ̀ ò ju ti ẹfọn lọ. Gbogbo pápá sì dákẹ́ láti gbọ́ ọ. Mo rántí pé mo gbọ́ bí ẹran ṣe ń ta lórí iná lẹ́yìn ògiri ilé-ìwé. Bẹ́ẹ̀ ni pápá tó kún fún èrò ṣe dákẹ́ tó.

Ohùn tẹ́ ẹ̀ ń gbọ́ nínú fóònù yìí wáyé lọ́dún kejì ẹgbẹ́ wa. Wọ́n ń la ìrókò kan tó dàgbà gan-an, Mùfú sì wá ra pákó. Ó dúró tì wọ́n títí wọ́n fi là á tán. Ó ní, "O gbọ́ ọ? Gbogbo wa ń rò pé ayùn ló ń dún. Igi ni." Ọjọ́ Àìkú mẹ́ta ló fi wá ohùn náà lórí jìtá. Nígbà tó rí i, ó ń gun òkè bí ayùn ṣe ń wọ inú igi, ó sì já wálẹ̀ bí ìgbà tí pákó bá já. Ohùn kẹta nínú rẹ̀, ó máa ń fà á díẹ̀, ó máa ń jẹ́ kó pẹ́ ju bó ṣe yẹ lọ, bí ẹni tí kò fẹ́ dágbére. A pe orin náà ní Ohùn Ayùn.

Láti ìgbà náà, nǹkan yí padà. Àwọn ọmọ ilé-ìwé girama á wá sí iwájú pátápátá, ojú wọn ò ní sí lára èmi tí mò ń kọrin, ìka Mùfú ni wọ́n ń wò. Ẹnìkan á lọ sí Abẹ́òkúta, á ní òun gbọ́ ọ lọ́wọ́ ẹgbẹ́ kan níbẹ̀. Ẹlòmíràn á ti Ìbàdàn dé, á sọ bákan náà. Àwọn tí kò tilẹ̀ rí i rí ń ta jìtá bíi tirẹ̀. Inú mi dùn. Bí mo bá ní inú mi dùn délẹ̀délẹ̀, irọ́ ni mo pa. Ìgbà mìíràn mo máa ń wo èrò tó ń wò ó, màá wá gbé ohùn mi sókè ju bó ṣe yẹ lọ.

Ohun kan wà tí Mùfú máa ń ṣe. Iwájú sípíkà gan-an ló máa ń dúró sí. Ó ní òun fẹ́ kí ohùn náà máa lu òun láyà. Nígbà tó di ọdún kẹrin, mo ṣàkíyèsí pé bí mo bá bá a sọ̀rọ̀ láti ẹ̀gbẹ́ òsì, kì í dáhùn. Ó sì ti ń wo ẹnu èèyàn ju ojú lọ. Lọ́jọ́ kan, àwa méjèèjì ń wa kẹ̀kẹ́ lọ sí Ìkòtún, òun wà níwájú. Lọ́rì agbégẹdú kan ń bọ̀ lẹ́yìn wa, ó ń fun fèrè kíkankíkan. Mo yà sínú koríko. Mùfú ń lọ láàárín ọ̀nà, ó ń fọn ìfé. Mo ju kẹ̀kẹ́ mi sílẹ̀, mo sáré fà á lẹ́wù, àwa méjèèjì ṣubú sínú kòtò.

"Kí ló dé? Ṣé orí ẹ dàrú ni?" Mùfú bi mí.

Ìgbà náà ni lọ́rì náà kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ wa. Mùfú wò ó títí tó fi lọ. 

"Láti ìgbà wo?" Mo rí i dájú pé ó ń wo ẹnu mi kí n tó bi í.

"Láti Iléyá tó kọjá. Ti òsì ló kọ́kọ́ lọ. Tọ̀tún náà ti ń tẹ̀lé e." Ó di ọwọ́ mi mú. "Má sọ fún wọn. Mo ṣì ń gbọ́ jìtá. Egungun àyà mi ń gbọ́ ọ. Jọ̀ọ́, má sọ fún ẹnikẹ́ni."

Mo fi orúkọ Ọlọ́run búra fún un. Mi ò sì sọ ọ́ lóòótọ́. Ohun tí mo ṣe burú ju sísọ lọ.

Kò ju oṣù díẹ̀ lọ tí ọ̀gá kan tó ń ṣe rẹ́kọ́ọ̀dù fi gbọ́ wa ní pápá Ìkòtún, ó ní ká wá sí sítúdíò òun ní Ìkẹjà. Kò sí ìyá ẹnikẹ́ni nínú wa tó sùn, àdúrà ni wọ́n ń gbà. A lọ lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun kan. Yàrá náà dákẹ́ bí ibojì. Wọn ò jẹ́ ká tan áńpìlífáyà wa bí a ṣe ń tàn án, wọ́n ní ariwo rẹ̀ pọ̀. Wọ́n gbé nǹkan bo etí olúkúlùkù, inú rẹ̀ la ó ti máa gbọ́ ara wa. Kò sí sípíkà tó lè lu Mùfú láyà. Ó wọlé pẹ́ sínú orin lẹ́ẹ̀kíní. Ó tún wọlé pẹ́ lẹ́ẹ̀kejì. Lẹ́ẹ̀kẹta, a ti parí tán tí òun ṣì ń ta jìtá lọ, ó di ojú. Kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín.

Ọ̀gá náà pè mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Ó ní, "Ọ̀sẹ̀ méjì ni mo fún yín. Ẹ lọ tún ara yín ṣe. Bí oníjìtá yín bá tún máa ṣe báyìí, ẹ má wulẹ̀ padà wá."

Nínú lọ́rì, Mùfú wo ẹnu mi. "Kí ló sọ?"

"Ó ní ká lọ gbára dì."

Ọ̀dọ́mọkùnrin kan wà ní Súrùlérè tó ń jẹ́ Délé, ọwọ́ rẹ̀ yá, etí rẹ̀ sì mú. Mo mú un wá sí sọ́míìlì. Mo sọ fún Mùfú pé oníjìtá kejì la fẹ́ fi kún ẹgbẹ́ kí orin wa lè nípọn. Inú rẹ̀ dùn. Ọjọ́ Àìkú kan gbáko ló fi kọ́ Délé ní Ohùn Ayùn. Ó ń mú ìka rẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, ó ń gbé e lé orí okùn, ó ń sọ pé, "Fà á níbí. Má kánjú kúrò níbí." Mo jókòó sórí ìtì igi, mò ń wò wọ́n. Mo lè dá a dúró nígbà náà. Ẹ rántí pé mo sọ ọ́ fún yín: mo lè dá a dúró.

Nígbà tó ku ọ̀la ká lọ sí Ìkẹjà, mo yà sí ibi iṣẹ́ Mùfú. Ó ń kan àga.

"Wọ́n ti sún ọjọ́ síwájú. Ọ̀gá náà rìnrìn-àjò."

"Títí di ìgbà wo?"

"Wọ́n á ránṣẹ́ sí wa."

"Ó dáa bẹ́ẹ̀." Ó gbé òòlù rẹ̀. "Mo ní òrùlé kan tí mo fẹ́ parí, mo ti ń rò ó bí màá ṣe ṣe é."

Ní Ìkẹjà lọ́jọ́ kejì, Délé ta jìtá náà láìsí àṣìṣe kankan. Bóyá ohun tó ṣe é nìyẹn, kò sí àṣìṣe níbẹ̀. Mo ń sọ fún ara mi pé bí rẹ́kọ́ọ̀dù bá ti jáde, màá jókòó ti Mùfú, màá ṣàlàyé, màá ní kí wọ́n kọ orúkọ rẹ̀ sí i. Rẹ́kọ́ọ̀dù jáde. Àwòrán èèyàn mẹ́rin ló wà lára páálí rẹ̀. Mùfú ò sí níbẹ̀.

Ẹni tó ń ta rẹ́kọ́ọ̀dù ní Ìkòtún ló sọ ohun tó ṣẹlẹ̀ fún mi. Ó gbé sípíkà síta bí ó ṣe máa ń ṣe, ni Sìkírátù, ìyàwó Mùfú, ń kọjá. Obìnrin náà sáré lọ pe ọkọ rẹ̀, ó ń pariwo, "Ẹ wá o, wọ́n ń lo orin yín! Wọ́n ń lo orin yín lójú títì!" Mùfú dé pẹ̀lú aṣọ iṣẹ́, ìyẹ̀fun igi lórí. Ó tẹ́ àtẹ́lẹwọ́ méjèèjì lé ara sípíkà, ó tẹ orí ba. Nígbà tó parí, ó ní kí wọ́n tún un lò. Wọ́n tún un lò. Ó gbé ọwọ́ kúrò, ó ní, "Èmi kọ́ nìyí," ó sì padà síbi iṣẹ́.

Ó wá lọ́jọ́ Àìkú tó tẹ̀lé e.  Délé sá lọ sẹ́yìn ẹ̀rọ. Mùfú dúró níwájú mi, ó tẹjú mọ́ ẹnu mi.

"Ṣé wọ́n ti ránṣẹ́ láti Ìkẹjà?"

Ẹ wò ó, ó ti mọ̀. Ó kàn ṣí ilẹ̀kùn fún mi ni, kí n wọlé. Ẹnu yìí, ẹnu tí mo fi ń bá yín sọ̀rọ̀ yìí, ni mo fi dá a lóhùn pé, "Wọn ò tíì ránṣẹ́."

Ó wo ẹnu mi fún ìgbà díẹ̀ sí i, bí ẹni ń ka lẹ́tà lẹ́ẹ̀kejì. "Ó dáa," ló wí. Ó yọ wáyà rẹ̀, ó ká a jọ dáadáa, ó gbé jìtá rẹ̀ kọ́ èjìká, ó gun kẹ̀kẹ́ rẹ̀. Kò padà wá mọ́.

Ogún ọmọdé kì í ṣeré fún ogún ọdún. Tiwa ò pé mẹ́fà. Rédíò lo orin náà títí, a lọ sí ìlú tí mi ò tiẹ̀ rántí orúkọ wọn mọ́, Délé sì gba òkè òkun lọ. Mo wá oníjìtá méjì mìíràn, èrò máa ń gbọ́ wọn, wọ́n á rọra padà sílé. Lẹ́yìn ìyẹn ni àwọn tó ń fi ẹ̀rọ lo rẹ́kọ́ọ̀dù gba gbogbo òde, ẹnìkan ṣoṣo pẹ̀lú àpótí méjì. Àwọn ilé-ìwé ò ṣe básà mọ́. Igi tán nínú igbó, sọ́míìlì kógbá sílé. Bàbá mi kú, a ta ilẹ̀ náà. Adìyẹ yé sínú áńpìlífáyà tí bùláńkẹ́ẹ̀tì ń bò tẹ́lẹ̀. Bí mo bá jókòó síbí báyìí lọ́sàn-án ọjọ́ Àìkú, mo ń gbọ́ jẹnẹrétọ̀ ilé mẹ́wàá, mo ń gbọ́ hóònù ọkọ̀, ṣọ́ọ̀ṣì mẹ́ta ń fi gbohùngbohùn dá ara wọn lóhùn. Ariwo pọ̀. Ọwọ́ èèyàn tó ń ṣiṣẹ́ nídìí rẹ̀ ni mi ò gbọ́ mọ́.

Mo gbọ́ pé Mùfú ti kó lọ sí Ìjẹ̀gùn, pé òrùlé ló ń kàn. Lákọ̀ọ́kọ́, ojú ń tì mí láti lọ. Mo ní bó bá di oṣù tó ń bọ̀. Mo gbéyàwó, mo ní n bímọ ná. Mo bímọ, mo ní n kọ́lé ná. Nígbà tí páìpù epo gbaná ní Ìjẹ̀gùn, mo rí èéfín dúdú náà láti ẹnu ọ̀nà mi. Mo rán ẹnìkan lọ béèrè bóyá iná náà dé ọ̀dọ̀ rẹ̀. Ẹni náà padà wá, ó ní Mùfú àti ará ilé rẹ̀ wà láàyè. Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run, mo sì jókòó. Ẹ gbọ́ ohun tí mo wí: mo jókòó.

Lọ́dún tó kọjá, lẹ́yìn ogójì ọjọ́ màmá yín àgbà, ni mo kọ́kọ́ gbọ́ orin tí ẹ̀ ń jó sí yìí. Ọ̀kan nínú yín ló ń lò ó. Mo ní kó fi orúkọ àwọn tó ṣe é hàn mí lójú fóònù. Orúkọ ọmọkùnrin olórin wà níbẹ̀, ti Délé wà níbẹ̀, tèmi náà wà níbẹ̀. Mo bọ́ síta, mo dá kẹ̀kẹ́ Márúwá dúró, mo ní kó gbé mi lọ sí Ìjẹ̀gùn.

Sìkírátù ló ṣílẹ̀kùn. Ó ti dàgbà, ṣùgbọ́n ó mọ̀ mí. Kò kúnlẹ̀, kò sì bú mi.

"Ẹ̀yin rèé," ló wí. "Ẹ wọlé. Kò gbọ́ nǹkan kan mọ́ o. Ìwé la fi ń bá a sọ̀rọ̀."

Mùfú wà lẹ́yìnkùlé, ó ń ha ẹsẹ̀ àpótí ìjókòó kan. Irun orí rẹ̀ ti funfun tán. Ó wò mí, ó tún wò mí, ó gbé pákó náà sílẹ̀. Sìkírátù gbé ìwé àti bírò fún mi, ó sì fi wá sílẹ̀.  Mo kọ ọ́ pé: *Mo purọ́ fún ọ. Ẹlòmíràn ni mo mú lọ. Ìwọ lo ni ohùn náà. Dárí jì mí.*

Ó wọ awò ojú rẹ̀. Ó kà á pẹ́. Nígbà tó sọ̀rọ̀, ó pariwo bí àwọn tí kò gbọ́ ohùn ara wọn ṣe máa ń pariwo, gbogbo àdúgbò ló ń gbọ́ wa.

"Mo mọ̀! Ọjọ́ yẹn náà ni mo ti mọ̀. Bó bá jẹ́ èmi ni ọ̀gá, èmi náà lè má mú adití lọ sí sítúdíò." Ó yọ awò náà, ó ń fi ẹ̀wù nù ún. "Ṣùgbọ́n mo jókòó, mò ń wo ojú ọ̀nà. Lọ́jọ́ Àìkú kìíní, mo ní wàá wá. Sìkírátù se oúnjẹ sílẹ̀ dè ọ́. Lọ́jọ́ Àìkú kejì, mo ní ojú ló ń tì ọ́, wàá wá. Bàbá mi kú, mo ní o máa gbọ́, wàá wá. Yíyọ tó o yọ mí kọ́ ló dùn mí. Àìwá rẹ ni. Ọ̀rẹ́ mi ni ọ́."

Mo mú bírò. Mo gbé e lé ìwé.  Àbámọ̀ ní í gbẹ̀yìn ọ̀ràn. Omijé mi ń kán sórí ìwé náà, bẹ́ẹ̀ ni ó ń wo ẹnu mi bóyá mo fẹ́ sọ nǹkan.

Lẹ́yìn náà ló ké sí ìyàwó rẹ̀ pé kó bu oúnjẹ fún mi.

Oṣù mẹ́rin ló tún lò láyé. Kò sí ọ̀sẹ̀ kan tí mi ò lọ. A kì í sọ̀rọ̀ jìtá. Ó máa ń ha pákó, mo máa ń jókòó tì í, nígbà mìíràn màá kọ ìròyìn ẹni tó kú tàbí ẹni tó bímọ sínú ìwé náà fún un. Àárọ̀ ọjọ́ Jímọ́ ló kú, kí ìrun ọ̀sán tó tó, wọ́n ti sin ín. Mo dúró pẹ̀lú àwọn ọmọ rẹ̀ létí sàréè. Ẹ bi mí lọ́jọ́sí bí Ìjẹ̀gùn ṣe jìnnà tó sí ibí, tí ẹ ò fi rí i kí n lọ síbẹ̀ rí ṣáájú ọdún tó kọjá. Láti ẹnu ọ̀nà mi dé ẹnu ọ̀nà rẹ̀, ogún ìṣẹ́jú ni kẹ̀kẹ́ fi gbé mi dé. Bí òjò bá ba ọ̀nà jẹ́, ọgbọ̀n.